Òpin Ìtàn Tí Mo Lọ Wá ní Agbowó

A ṣẹ̀ṣẹ̀ kírun àsùbáà tán ni mo gbéra ní Ṣakí. Àpò kékeré kan ni mo gbé kọ́ èjìká, ẹ̀kọ àti mọ́ínmọ́ín tí ìyàwó mi dì fún mi wà nínú rẹ̀. Bàbá mi ti jókòó sẹ́nu ọ̀nà. Wọn ò ríran dáadáa mọ́, ṣùgbọ́n wọ́n mọ ìró ẹsẹ̀ mi.

"Múrítálà, bèèrè dáadáa o. Má jẹ́ kí wọ́n fi ẹ́ ṣeré."

"Ẹ má mikàn, Bàbá."

Kí ẹ má baà rò pé ẹjọ́ ilẹ̀ tàbí iṣẹ́ ìjọba ló ń gbé mi lọ sí Ìbàdàn, ìtàn inú ìwé ìròyìn ni mo ń lọ wá òpin rẹ̀.

Ìwé ìròyìn Yorùbá kan wà tó máa ń ti Ìbàdàn dé ọ̀dọ̀ wa lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀. Olùkọ́ ni mí, mo máa ń rà á, màá sì kà á sí Bàbá létí, nítorí wọn ò kàwé. Ẹnì kan tó ń pe ara rẹ̀ ní Baba Arínúróde ń kọ ìtàn kan síbẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Ọkùnrin kan, Àkànní, lọ ṣòwò ní Gánà, kò padà wálé mọ́. Ìyàwó rẹ̀, Àṣàkẹ́, wá dìde láti lọ wá a. Bàbá kì í gbà kí n fo gbólóhùn kan, gbogbo ilé sì mọ ìdí rẹ̀. Rájí, ẹ̀gbọ́n Bàbá, lọ sí Kùmásí nígbà tí àwọn méjèèjì ṣì wà lọ́dọ̀ọ́. Nígbà tí wọ́n lé àwọn èèyàn wa kúrò ní Gánà, ojoojúmọ́ ni Bàbá ń lọ sí ibùdókọ̀ láti wo ojú àwọn tó ń sọ̀kalẹ̀. Rájí kò sí nínú wọn. Bí ọdún ṣe ń gorí ọdún tó, Bàbá ò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni ṣàdúrà òkú fún un.

Ibi tí Àṣàkẹ́ ti dé Kùmásí, tó ń bèèrè ọkọ rẹ̀ lọ́wọ́ aláàárù kan, ni ìtàn dé tí ìwé ìròyìn náà ò fi wá mọ́. Bébà ti gbówó lórí, ilé iṣẹ́ náà sì ti kógbá sílé. Bàbá ò sinmi. "Ṣé ó rí i àbí kò rí i?" ni wọ́n ń bi mí láràárọ̀. Bí ilé ìwé ṣe gba ìsinmi, mo wọkọ̀.

Ọ̀nà Ṣakí sí Ìsẹ́yìn ò dáa rárá, eruku pupa bò wá bí ẹni ń ro ilẹ̀. Ẹ̀gbẹ́ awakọ̀ ni mo jókòó sí. Nígbà tó gbọ́ ohun tí mò ń lọ ṣe, ó bú sẹ́rìn-ín.

"Tíṣà, ẹ̀yin náà! Ẹni tó jókòó sílé tó ń purọ́ síwèé lẹ fẹ́ lọ wá?"

"Ìtàn ni, kì í ṣe irọ́."

Ó ń wakọ̀ lọ títí a fi kọjá Ọ̀yọ́. Ìgbà náà ló wá rọra ní, "Tẹ́ ẹ bá rí i, ẹ bá mi bi í. Ṣé aláàárù yẹn ò gbé ẹrù obìnrin yẹn sá lọ?"

Ojoo la sọ̀kalẹ̀ sí, mo sì wọ ọkọ̀ mìíràn lọ sí Dùgbẹ̀. Ní ìlú wa, bí o bá kí èèyàn, yóò bi ọ́ léèrè ìyá, bàbá àti ọmọ. Ní Dùgbẹ̀, ẹni tí ò ń kí ti kọjá lọ kí o tó kí i tán. Àgádágodo ni mo bá lẹ́nu ọ̀nà ilé iṣẹ́ ìwé ìròyìn náà. Obìnrin kan ń dín àkàrà sábẹ́ ilé ọ̀hún, mo ra díẹ̀. Bí mo ṣe tú u, orúkọ Àṣàkẹ́ ni mo rí lára bébà tí wọ́n fi dì í, ó ti fa òróró mu. Mo dúró, mo ń kà á.

"Ẹ̀gbọ́n, àkàrà lẹ rà o, ẹ jẹ ẹ́ kó tó tutù," obìnrin náà ní, ó ń rẹ́rìn-ín. Òun ló tọ́ka sí ilé ìtẹ̀wé kan lókè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì níwájú, níbi tí ẹni tó ń to lẹ́tà fún ìwé ìròyìn náà ti ríṣẹ́ tuntun.

Bí mo ṣe dárúkọ Baba Arínúróde fún atolẹ́tà náà lókè, ẹ̀rín pa á. "Ẹ lọ sí Agbowó, òdìkejì ẹnu ọ̀nà Yunifásítì. Ẹ bèèrè Màmá Taípù."

Agbowó! Mo ti gba ibẹ̀ kọjá láàárọ̀. Mo tún wọkọ̀ padà. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ kún ojú títì fọ́fọ́. Ọ̀kan bi mí pé, "Ọ̀gá, wetin you dey find?" Ìyẹn ni pé kí ni mò ń wá. Òun ló mú mi dé yàrá kan tí ilẹ̀kùn rẹ̀ ṣí sí ìta. Obìnrin àgbàlagbà kan jókòó sídìí ẹ̀rọ ìtẹ̀wé, ó ń bá àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tẹ iṣẹ́ wọn.

"Ẹ káàsán, mà. Baba Arínúróde ni mò ń wá."

Ó gbé ọwọ́ kúrò lórí ẹ̀rọ. "Èmi ni."

Ó ní àwọn ọ̀gá ilé iṣẹ́ ló fún òun ní orúkọ ọkùnrin. "Wọ́n ní àwọn bàbá ò ní fetí sí ìtàn tí obìnrin kọ."

"Bàbá tèmi fetí sí i, mà."

Mo sọ ọ̀rọ̀ Rájí fún Màmá. Wọ́n gbọ́ ọ tán, wọ́n bu ìrẹsì àti ẹ̀wà fún mi, wọ́n wá ní, "Mo ti kọ òpin rẹ̀ tipẹ́. Àkànní ti kú kí ìyàwó rẹ̀ tó dé."

Mo gbé àwo sílẹ̀. "Ẹ jọ̀ọ́, mà. Ẹ jẹ́ kó padà wálé. Wọn ò tíì tẹ̀ ẹ́, ẹ lè yí i padà."

Wọ́n wò mí tìfẹ́tìfẹ́. "Tí mo bá ní ó padà wálé, ṣé bàbá yín á gbà á gbọ́?"

Wọ́n fa àga wọn súnmọ́ mi, wọ́n sì sọ bó ṣe rí fún mi láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, bí ẹni ń gbé ọmọ jòjòló lé èèyàn lọ́wọ́. Kí n tó lọ, wọ́n ní kí n bá àwọn kí Bàbá.

Ọ̀dọ̀ ọmọ ìlú wa kan ní Ojoo ni mo sùn. Lọ́nà ilé lọ́jọ́ kejì, mo to irọ́ oríṣiríṣi pọ̀ lọ́kàn, mo sì tú gbogbo rẹ̀ ká. Nígbà tí mo jókòó níwájú Bàbá, bí mo ṣe gbọ́ ọ lẹ́nu Màmá ni mo sọ ọ́.

Wọ́n bi mí pé, "Ta ló wẹ̀ ẹ́?"

"Àwọn ará ìlú rẹ̀ tó wà níbẹ̀ ni, Bàbá. Wọ́n kírun sí i lára. Nígbà tí Àṣàkẹ́ dé, wọ́n mú un dé ibi sàréè, ó sì jókòó tì í títí ọkàn rẹ̀ fi balẹ̀."

Bàbá fi etí agbádá nu ojú. "Bá mi pe Ááfà. Kí wọ́n wá ṣàdúrà fún ẹ̀gbọ́n mi."

Mo ti rò pé ẹni tó kọ ìtàn ló mọ ohun tó wà nínú rẹ̀ jù. Ìrìn àjò yìí ló jẹ́ kí n mọ̀ pé òǹkọ̀wé kì í mọ ilé tí ìtàn rẹ̀ máa wọ̀, tàbí iṣẹ́ tó máa ṣe níbẹ̀.

Ááfà dé, a jókòó sórí ẹní, Bàbá sì dárúkọ Rájí sókè. Wọ́n wá ní kí Ááfà fi Màmá tó wà ní Agbowó kún àdúrà náà.

"Ta nìyẹn, Bàbá?" Ááfà bèèrè.

"Òun ló túfọ̀ ẹ̀gbọ́n mi fún mi," ni Bàbá dáhùn.