Ọjọ́ Orí Ẹ̀gbọ́n Mi Nínú Kọ̀ǹpútà

Nígbà tí wọ́n gbé kọ̀ǹpútà dé ọ́fíìsì ìjọba wa ní Ìbàdàn, níbi tí a ti ń bójú tó iṣẹ́ àwọn tíṣà, wọ́n ra ẹ̀rọ amúlétutù fún un. Àwa tí a ti ń làágùn níbẹ̀ láti ọjọ́ pípẹ́, ẹnikẹ́ni ò ra nǹkan kan fún wa. A sì gbọ́dọ̀ bọ́ bàtà lẹ́nu ọ̀nà kí a tó wọlé tọ̀ ọ́, bí ẹni ń wọ mọ́sáláṣí. Láti Ìyànà Ọ̀fà ni mo ti ń wá lójoojúmọ́, ó sì ti máa ń rẹ̀ mí kí n tó débẹ̀.

Iṣẹ́ mi ni kí n máa tẹ ọjọ́ ìbí àwọn tíṣà sínú rẹ̀. Tó bá ti ṣírò pé ẹnì kan pé ọgọ́ta ọdún, á tẹ orúkọ rẹ̀ jáde, iṣẹ́ onítọ̀hún tán nìyẹn. Tẹ́lẹ̀, ọ̀gá wa a máa wo fáìlì, wọn a sì wo ojú ẹni tó ni ín. Kọ̀ǹpútà ò mọ ojú wò.

Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin, àwọn tó pọ̀n mí dàgbà, tíṣà ni wọ́n lábúlé wa. Nígbà tí wọ́n fẹ́ wọ ilé ẹ̀kọ́ àwọn tíṣà, ọjọ́ orí wọn kéré jù, ni bàbá wa bá lọ búra ní kóòtù, tó fi ọdún márùn-ún kún un. Ọ̀pọ̀ bàbá ló ń ṣe bẹ́ẹ̀ nígbà yẹn; tiwa tilẹ̀ máa ń fi ṣàwàdà nílé. Ìwé ìbúra yẹn ló wà nínú fáìlì.

Lọ́jọ́ Ajé kan, orúkọ wọn jáde. Ọmọ ọdún márùndínlọ́gọ́ta ni wọ́n nítòótọ́, àbíkẹ́yìn wọn sì ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ yunifásítì. Mo lọ bẹ ọ̀gá. Wọ́n ní ohun tí kọ̀ǹpútà bá ti sọ, abẹ gé e, àfi kí ẹ̀gbọ́n mi lọ kóòtù, kí wọ́n búra pé irọ́ ni bàbá wa pa.

Bàbá ti kú. Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà ni mo lọ sábúlé. Ẹ̀gbọ́n mi ń ṣa ẹ̀wà nígbà tí mo ro gbogbo rẹ̀ fún wọn, wọn ò sì dá ọwọ́ dúró. Wọ́n ní àwọn ò ní torí iṣẹ́ lọ pe òkú bàbá àwọn ní òpùrọ́ níwájú ìjọba.

Lẹ́yìn náà ni wọ́n bi mí pé, "Ìwọ lo tẹ̀ ẹ́ sínú rẹ̀, àbí?"

Mo ní èmi ni.

"Ṣé ìwọ náà ò mọ ọjọ́ orí mi ni?"

Ó dùn mí wọra. Mo mọ̀ ọ́n. Lọ́jọ́ tí mò ń tẹ̀ ẹ́ gan-an, mo mọ̀ pé ọdún márùn-ún ló lé níbẹ̀. Ó ti rẹ̀ mí, fáìlì ṣì pọ̀ nílẹ̀, mo sì tẹ ohun tí mo rí nínú ìwé.