Àlejò Tó Wá Jí Àṣírí Ọmọ Auntie

Nílé Auntie mi ní Thamesmead East, bí àlejò bá ti jókòó, ìwé fọ́tò ni wọ́n máa kọ́kọ́ gbé lé e lẹ́sẹ̀. Ìwé yẹn ni yóò máa wò títí oúnjẹ yóò fi jinná. Pásítọ̀ méjì ti wò ó, ọkùnrin tó wá tún bọ́ílà ṣe ti wò ó, obìnrin kan tó ṣi ilé wá náà wò ó parí. N kò rò ó rí pé ó lè ba iṣẹ́ ẹnikẹ́ni jẹ́.

Iṣẹ́ tí mò ń wí ni ti ọmọ Auntie, tí mò ń pè ní Bro nítorí ó fi ọdún mẹ́ta jù mí lọ. Jámánì ni wọ́n bí i sí. Ó pé ọmọ ọdún mẹ́rìnlá kí Auntie tó kó o wá sí London, kí ó lè kàwé lédè Gẹ̀ẹ́sì, ṣùgbọ́n èdè Jámánì kò kúrò lẹ́nu rẹ̀. Òun ló fi ń bú mi nígbà tí a wà ní kékeré. Ìdí nìyẹn tí mo fi lọ kọ́ èdè náà ní yunifásítì: mo fẹ́ mọ bí èébú náà ṣe wúwo tó. Nígbà tí mo gboyè tán, mo rí i pé ó wúwo ju bí mo ṣe rò lọ.

Èébú yẹn náà ló wá di iṣẹ́ fún un. Ráápà ni, ṣùgbọ́n kì í kọrin ìfẹ́. Ẹni méjì ni yóò dúró kojú ara wọn níwájú èrò, wọn á máa fi ráàpù bú ara wọn ní ráúndì mẹ́ta, adájọ́ mẹ́ta á sì sọ ẹni tó borí. Jámánì ló ti máa ń lọ ṣe é, á lọ ní Jímọ̀, á dé ní Sunday. Lọ́hùn-ún, àwọn ọ̀dọ́ máa ń dá a dúró lójú pópó kí wọ́n lè bá a ya fọ́tò. Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo fojú ara mi rí i, nítorí náà méjì ni mo lè jẹ́rìí sí. Ní Woolwich tó wà nítòsí wa, kò sẹ́ni tó mọ̀ ọ́n. Ó ń fọ bọ́ọ̀sì ní gáréèjì, nínú jákẹ́ẹ̀tì aláwọ̀ ọsàn.

Lásìkò tí mò ń sọ yìí, ó ti fìdí rẹmi lẹ́ẹ̀mejì tẹ̀léra. Àwọn tó ń ṣètò ìdíje sọ fún un pé bí ó bá tún fìdí rẹmi, àwọn kò ní pè é mọ́. Ọmọ Jámánì kan ni wọ́n sì fi kò ó, ọkùnrin tó gbajúmọ̀ nítorí pé kì í bú èèyàn lásán: á kọ́kọ́ wá àṣírí rẹ kiri, á sì tú u síta.

Ó ku ọ̀sẹ̀ mẹ́ta kí wọ́n pàdé, ọkùnrin náà wọ bọ́ọ̀sì láti Woolwich, ó sì wá kan ilẹ̀kùn Auntie. Kò nira fún un láti rí wa, torí gbogbo ohun tí Auntie bá sè ni wọ́n máa ń gbé sórí ayélujára. Ó ti kọ̀wé sí wọn níbẹ̀ pé ọ̀rẹ́ ọmọ wọn ni òun, Auntie sì ní kó máa bọ̀. Bro wà níbi iṣẹ́. Èmi ni mo ṣílẹ̀kùn, mo sì dá a mọ̀ lójú ẹsẹ̀ nítorí òwìwí tí wọ́n fín sí i lọ́rùn, tí mo ti rí nínú fídíò rẹ̀. Mo sáré tọ Auntie lọ ní kíṣìnì.

"Auntie, ẹ jọ̀ọ́, ọkùnrin yìí kì í ṣe ọ̀rẹ́ Bro."

"Dín dòdò. Wo bó ṣe rù. Wọn ò kí ń fún un lóúnjẹ lọ́hùn-ún ni?"

"Auntie, ẹ gbọ́ mi ná."

"Epo ti gbóná o!"

Nígbà tí mo fi máa gbé dòdò jáde, ìwé fọ́tò ti wà lẹ́sẹ̀ àlejò. Auntie jókòó tì í, wọ́n ń fi èdè Jámánì wọn tó máa ń rọra rìn ṣàlàyé.

"Èyí, ìgbà tó gba master's."

Mo bojú wò ó. Góònù mi ni. Bro yá a lọ́jọ́ tí mo gboyè, kó lè fi ya fọ́tò kan péré.

"Èyí, iwájú báǹkì tó ti ń ṣe dáréktọ̀."

Iwájú báǹkì ni lóòótọ́. Ó ń dúró de bọ́ọ̀sì.

"Èyí, ọ̀kan nínú ilé mẹ́ta rẹ̀ ní Lẹ́kì."

Hòtẹ́ẹ̀lì tí a ti ṣe ìgbéyàwó kan ni.

Àlejò ń tẹ gbogbo rẹ̀ sínú fóònù lábẹ́ tábìlì. Mo ka ohun tí Auntie sọ nípa Bro, ó jẹ́ mẹ́sàn-án. Ọ̀kan jẹ́ òótọ́: ó fẹ́ràn dòdò. N kò rò pé wọ́n mọ̀ọ́mọ̀ parọ́. Ní ṣọ́ọ̀ṣì wa, a máa ń pe ohun tí a fẹ́ bí ẹni pé ó ti tẹ̀ wá lọ́wọ́, Auntie sì ti ń pe tiwọn fún ọdún púpọ̀ débi pé wọn kò fi bẹ́ẹ̀ rántí èyí tó ti dé àti èyí tó ṣì wà lọ́nà.

Ọkùnrin náà yíjú sí mi. "Ṣé òótọ́ ni gbogbo èyí?"

Auntie wò mí. Wọn kò tọ́ mi láti já àgbà nírọ́ níwájú àlejò, bẹ́ẹ̀ ni èmi náà kì í sọ ohun tí n kò lè dúró tì.

"Auntie mọ ọmọ wọn jù mí lọ," ni mo wí.

Kò sí àṣìṣe kankan nínú gbólóhùn yẹn. Àlejò tẹ ìyẹn náà sínú fóònù. Ó jẹ ìrẹsì abọ́ méjì, Auntie gbàdúrà fún un, wọ́n sì di mọ́ínmọ́ín mẹ́fà fún un lọ.

Nígbà tí mo sọ fún Bro, ó rẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó sílẹ̀. Lọ́jọ́ Sunday, lẹ́yìn ìsìn, a rìn yí adágún Birchmere Park ká.

"Ó máa ní ọmọ olówó ni mí," ó ní, "pé mò ń díbọ́n bí ẹni tí ìyà ń jẹ. Èrò á sì gbà á gbọ́."

"Sọ fún wọn pé irọ́ ni."

"Ta ló pa á?"

Òun náà ló dá ara rẹ̀ lóhùn:

"Mummy mi ni. Ṣé kí n dúró níwájú gbogbo ayé, kí n pè wọ́n ní òpùrọ́, kí n lè borí?"

"Tí o ò bá pè wọ́n ńkọ́?"

"Ó parí nìyẹn. Kí n kúkú máa fọ bọ́ọ̀sì lọ."

Ó dojú kọ pẹ́pẹ́yẹ mẹ́ta lórí omi, ó sì ń dán àwọn ìlà rẹ̀ wò lára wọn. Méjì sá lọ. Ìkẹta dúró, ṣùgbọ́n mo rò pé búrẹ́dì ló ń retí.

Ọ̀sán Sátidé ni ìjà náà bọ́ sí. A gbé e sórí tẹlifíṣọ̀n, ọmọ Jámánì náà ló sì kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀.

"Ọmọ dáadáa yẹn nìyẹn!" ni Auntie ké. "Wò ó bó ṣe sanra. Mọ́ínmọ́ín mi ni. Kí ló ń sọ? Ó ń sáré jù."

"Ó ní ọ̀gá báǹkì ni Bro."

"Àmín."

"Ó ní Bro ò fọwọ́ kan ìdọ̀tí rí láyé rẹ̀."

"Àmín lórúkọ Jésù!"

"Ó ní ó nílé mẹ́ta ní Lẹ́kì."

"Á di mẹ́wàá! Wòlíì lọmọ yìí."

Èrò ń hó lé Bro lórí. N kò túmọ̀ ìyẹn.

Nígbà tó kan Bro, ó ṣí báàgì rẹ̀, ó yọ jákẹ́ẹ̀tì aláwọ̀ ọsàn jáde, ó sì wọ̀ ọ́. Auntie dìde dúró.

"Kí ló gbé ìyẹn wọ̀ fún? Níwájú èèyàn?"

Ohun tó sọ dùn ju báyìí lọ lédè Jámánì, ṣùgbọ́n ìtumọ̀ tí mo ṣe fún Auntie nìyí: "Bọ́ọ̀sì lo wọ̀ láti Woolwich dé ilé mi. Èmi ni mo fọ àga tí o jókòó lé. Èmi ni mo nu fèrèsé tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ, síbẹ̀ o ò rí nǹkan kan. Ìyá mi ò parọ́ fún ọ. Àdúrà ni wọ́n ń gbà, ìwọ ń kọ ọ́ sílẹ̀. O wá jí àṣírí mi, àdúrà ìyá mi lo jí gbé lọ. Ó yá, máa kà á lọ, kí n máa ṣe àmín."

Ọkùnrin náà kò ní nǹkan mìíràn tó múra sílẹ̀. Ní ráúndì kejì, ó ní Bro ní mọ́tò mẹ́rin, Bro ní àmín. Ó ní Bro gba master's, àwọn tó wà níwájú bá a ṣe àmín. Nígbà tí yóò fi di ráúndì kẹta, gbogbo gbọ̀ngàn náà ló ń ṣe é, títí kan àwọn òyìnbó tó mú bíà lọ́wọ́.

"Ọmọ mi ń wàásù," ni Auntie wí. Wọ́n jókòó pẹ̀lẹ́. "Bọ́ọ̀sì tó ní òun fọ̀ yẹn. Ó mọ́, àbí?"

"Ó mọ́, Auntie."

"Mo mọ̀."

Adájọ́ méjì ní Bro ló borí. Ìkẹta ní ìlà rẹ̀ kò bára mu dáadáa ní ìparí ráúndì kejì. Òótọ́ ló sọ.

Ní ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀lé e, àwa mẹ́ta lọ ra iṣu ní Powis Street. Bro ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ibi iṣẹ́ dé, jákẹ́ẹ̀tì ṣì wà lára rẹ̀. Auntie nawọ́ sí i.

"Ọmọ mi nìyí. Ó ń kọ́ àwọn òyìnbó Jámánì ní èdè wọn."

Ìyá oníṣọ́ọ̀bù wo jákẹ́ẹ̀tì náà látòkè délẹ̀. "Professor, ẹ kú iṣẹ́ o. Ẹ sọ díẹ̀ ká gbọ́."

Bro gbé iṣu kan, ó wò ó yíká, ó sì tú ìlà mẹ́rin sílẹ̀. Ó bú ara iṣu náà, ó bú iye tí wọ́n pè é, ó sì bú ìyá oníṣọ́ọ̀bù fúnra wọn díẹ̀. Ó yára ju ohun tí Auntie lè gbọ́ lọ. Gbogbo wọn yíjú sí mi.

"Ó ní iṣu yín dára gan-an, Mummy."

Inú wọn dùn, wọ́n sì fi kékeré kan ṣe ènì fún wa. Nínú gbogbo ọ̀rọ̀ yìí, irọ́ kan ṣoṣo tí mo lè tọ́ka sí pé èmi ni mo pa á nìyẹn. A se ènì náà lálẹ́ ọjọ́ yẹn. Ó dára gan-an lóòótọ́.