Ibi Tí Ibòji Parí Sí

Nígbà tí mo wà ní kékeré, tí orí mi kò tíì ga ju máṣíìnì ìránṣọ ìyá mi lọ, ẹ̀yìn Airport Road la ń gbé, ní Benin níbí. Igi ńlá kan wà níwájú ilé náà. Fúrúùtù là ń pè é nínú ilé wa. Ebelebo ni àwọn ọmọ àdúgbò ń pè é. Yàrá wa ṣókùnkùn, ó sì móoru, torí náà abẹ́ igi yẹn ni ìyá mi gbé máṣíìnì rẹ̀ sí. Ibẹ̀ ni ṣọ́ọ̀bù rẹ̀.

Opó ni onílé wa, àgbàlagbà obìnrin Ẹ̀dó. Iye ni gbogbo wa ń pè é, bí àwọn Ẹ̀dó ṣe ń pe ìyá wọn. Ó ti ṣòwò l'Àkúrẹ́ rí, ó gbọ́ Yorùbá dáadáa. Òun ló ń gbá ewé igi náà láràárọ̀, lẹ́yìn náà yóò wá jókòó ti ìyá mi lórí bẹ́ǹṣì.

"Tẹ́lọ̀, aṣọ ta lo tún ń bà jẹ́ lónìí?"

"Tiyín ni, Iye. Mo ti gé apá kan dànù."

Lọ́dún kan, ewé igi náà kò pọ̀ mọ́. Oòrùn ń gba àárín ẹ̀ka wọlé sí ìyá mi lórí. Iye gbójú sókè wò ó. "Ebi ló ń pa á," ló wí, kò sì sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Ó ṣe díẹ̀, a jí láàárọ̀ ọjọ́ kan, a rí ihò kéékèèké tó yí igi ká, tí wọ́n ti fi erùpẹ̀ bò. Wọn kò sún mọ́ ìdí igi rárá. Ibi tí ibòji parí sí ni wọ́n wà, ibòji yẹn sì dé ẹnu ọ̀nà wa gan-an. Ìyá mi fi ẹsẹ̀ tú ọ̀kan. Nǹkan funfun bí iyọ̀ ló wà nínú rẹ̀.

Ẹ má fi wá rẹ́rìn-ín o. Àlejò ni wá, ohun tí wọ́n sì ti sọ fún wa nípa oògùn Benin kí a tó kó dé ibí pọ̀ ju ohun tí ojú wa rí lọ. Ìyá mi sáré pe ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan ní ṣọ́ọ̀ṣì wá wò ó. Ìyẹn káwọ́ lérí.

"Ó lè jẹ́ ajílẹ̀ òyìnbó," ni ìyá mi wí.

"Ajílẹ̀ kẹ̀? Tó bá jẹ́ ti igi, kí ló dé tí kò dà á sídìí igi? Àbí ẹnu ọ̀nà yín ni igi ti ń jẹun ni?"

Èmi náà ro ọ̀rọ̀ yẹn títí.

Nígbà tí Iye lọ sí ọjà Oliha, àwọn méjèèjì hú gbogbo rẹ̀ jáde tàdúrà-tàdúrà, wọ́n dà á jọ sídìí igi, pé kó padà sọ́dọ̀ ẹni tó ni ín, wọ́n sì bò ó. Nírọ̀lẹ́, òjò rọ̀.

Kò pẹ́ tí etí ewé fi ń gbẹ bí ohun tí iná jó. Ìyá mi ní, "Ẹ ò rí i? Àwa ni ì bá gbẹ bẹ́ẹ̀." Iye náà dúró sábẹ́ igi, ọwọ́ lẹ́rẹ̀kẹ́. "Mo fún un lóúnjẹ, ó ń kú," ló wí. Mò ń wo èyí, mò ń wo tọ̀hún, orí mi dàrú. Ta ló wá ń pa ta?

Ọmọ Iye tó ń dáko lọ́nà Ekiadolor ló fún un ní ajílẹ̀ náà. Ó wá wò ó. Ó fi ọkọ́ tú ìdí igi, ó rí nǹkan funfun náà tí kò tíì yọ́ tán. Ẹ̀dó ni wọ́n ń sọ, ṣùgbọ́n mo ti ń gbọ́ ọ nígbà yẹn.

"Iye, ṣebí mo sọ fún yín pé ẹ má dà á sídìí rẹ̀! Ṣóńṣó gbòǹgbò ló fi ń jẹun, níbi tí ibòji parí sí."

"Ibẹ̀ náà ni mo gbẹ́ ihò sí."

"Ó wá fẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn dé ìdí igi ni? Iye, ẹ ti ń gbàgbé nǹkan. Ẹ ò lè dá gbé mọ́."

Iye yíjú sí ìyá mi, ó sọ ọ́ ní Yorùbá. "Tẹ́lọ̀, ìwọ rí àwọn ihò yẹn, àbí? Sọ fún un."

Píìnì wà lẹ́nu ìyá mi. Ó lè yọ wọ́n. Ṣùgbọ́n ó tẹjú mọ́ aṣọ tó ń rán, ó mi orí bí ẹni tí kò mọ ohun tí wọ́n ń sọ. Iye wá wojú mi. Mo wo ilẹ̀.

Ọ̀sẹ̀ yẹn kò parí tí ọmọ rẹ̀ fi wá mú un lọ. Bó ṣe ń wọ ọkọ̀, ó ń bi ara rẹ̀ pé, "Àbí ìdí igi ni mo dà á sí lóòótọ́?" Ìyá mi sunkún títí. Ó fẹ́ràn obìnrin náà, ó bẹ̀rù rẹ̀, ojú sì tún tì í. Títí dòní, n kò mọ èyí tó pa á lẹ́nu mọ́. Tèmi náà kò yé mi.

Nígbà òjò tó tẹ̀ lé e, igi náà rúwé lápá kan. Iye kò padà wá rí i.

Ayé ti yí. Wọ́n ti gé igi yẹn, wọ́n ti da kọnkéré sí iwájú ilé. Ajílẹ̀ òyìnbó kún ọjà, ọmọdé pàápàá mọ̀ ọ́n. Èmi náà gbin ebelebo kan síwájú ilé tí mo háyà. Tí mo bá fẹ́ fún un lóúnjẹ, mo máa ń kọ́kọ́ kan ilẹ̀kùn àwọn ará ilé, màá gbé àpò rẹ̀ hàn wọ́n: "Ajílẹ̀ ni o. Ibi tí ibòji parí sí ni mo fẹ́ gbẹ́."

Wọ́n á bú sẹ́rìn-ín. "Brọ̀dá, ta ló bi yín léèrè?"

Ẹni tó bi mí léèrè kò sí níbí mọ́.