Kẹrosíìnì Lórí Kápẹ́ẹ̀tì Rọ́bà

Ní ìparí àwọn ọdún 1970, ọkọ mi ra kápẹ́ẹ̀tì rọ́bà ní Fagge, ó tẹ́ ẹ bo sìmẹ́ńtì pálọ̀ wa ní Sabon Gari. Sìmẹ́ńtì la mọ̀ ọ́n fọ̀: a ó da omi ọṣẹ lé e, a ó fi ìgbálẹ̀ gbá a síta. Rọ́bà kò gba irú ẹ̀. Omi kì í wọ inú rẹ̀, orí rẹ̀ ní í dúró sí.

Lọ́jọ́ tí ìjọ wa fẹ́ wá gbàdúrà nílé, àbúrò ọkọ mi obìnrin da ọṣẹ àti kẹrosíìnì sínú garawa omi, ó ń fi àkísà nulẹ̀ kí ilẹ̀ lè dán.

Mo ní, “Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fún àkísà yẹn dáadáa, kẹ́ ẹ sì fi omi lásán nulẹ̀ tẹ̀lé e.”

“Haba, Ìyàwó! Síkúùlù lo ti ń ṣe tíṣà, kì í ṣe níbí.”

Aláṣọ funfun ni wá, a kì í wọ bàtà níbi àdúrà. Ìyá ọkọ mi ló kọ́kọ́ wọlé. Ẹsẹ̀ wọn yọ̀, wọ́n fìdí balẹ̀ gbì. Bí a ṣe gbé wọn sórí àga báyìí, aríran ìjọ wa figbe ta.

“Mo rí i! Ẹni tó tì wọ́n ṣubú wà nínú ọgbà yìí!”

Gbogbo ojú yí sí opó tó ń gbé yàrá tó kọjú sí tiwa, tó dúró lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀.

“Èmi kẹ̀?” ni obìnrin náà wí.

Inú bí mi. Mo gbé garawa náà síwájú wọn. “Ẹ gbóòórùn ẹ̀! Ṣé àjẹ́ ló ń fi kẹrosíìnì nulẹ̀?”

Ìyá ọkọ mi ní, “Ẹsẹ̀ mi ló yọ̀. Mi ò rí ọwọ́ ẹnì kankan.”

Mo lé gbogbo wọn síta sínú eruku ọyẹ́. Mo fún àkísà títí kò fi kán mọ́, mo nu ilẹ̀ láti kọ̀rọ̀ inú lọ́hùn-ún bọ̀ sí ẹnu ọ̀nà, mo fi omi lásán nù ún, mo sì fi aṣọ gbígbẹ parí rẹ̀. Wọ́n wọlé, wọ́n gbàdúrà. Aríran kò bẹ ẹnikẹ́ni.

Ṣùgbọ́n àwọn ọmọ ọgbà ti gbọ́. “Mayya! Mayya!” ni wọ́n ń pariwo tẹ̀ lé opó náà lọ síbi ẹ̀rọ omi, àjẹ́ ni wọ́n ń pè é, lédè Hausa tí wọ́n fi ń ṣeré. Mo nà wọ́n, mo bá àwọn ìyá wọn jà. Kí òjò tó bẹ̀rẹ̀, opó náà ti kẹ́rù lọ sí àdúgbò Noman's Land.

Ilẹ̀ tó ń yọ̀, èèyàn lè nù ún. Èyí tí aríran yẹn dà sílẹ̀, títí dòní, mi ò rí àkísà tó lè gbé e.