Haldi Tí Màmá Gún

Gbì, gbì, gbì. Màmá ará Íńdíà tó ń gbé lẹ́gbẹ̀ẹ́ yàrá wa ní Al Qusais, nílẹ̀ Lárúbáwá, ń gún ata-ilẹ̀ pupa nínú odó òkúta, èmi jókòó tì í nílẹ̀ ilé ìdáná, mò ń sín. Haldi ni wọ́n ń pè é. Bí ìgbéyàwó bá ku ọ̀la, wọ́n á fi í pa ìyàwó lára kí ayé rẹ̀ lè dára. Ọmọ ọmọ màmá ni ìyàwó.

Ọ̀dọ̀ màmá ni ìyá mi máa ń fi mí sí tó bá lọ ṣiṣẹ́ ìmọ́tótó ní Sharjah. Róòtì gbígbóná, búrẹ́dì pẹlẹbẹ wọn, ló fi ń bọ́ mi. Ó tún ń dirun fún mi, bẹ́ẹ̀ kò mọ irun wa dì rárá, á máa fà á bí ẹni ń fa koríko. Òun náà ló tọ́ ìyàwó dàgbà, torí aya ọmọ rẹ̀, ìyá ìyàwó, kì í gbélé. Ìyẹn ń wa mọ́tò, ṣòkòtò ló ń wọ̀ lọ ọ́fíìsì, fóònù ló fi ń pe oúnjẹ. Tó bá rí odó màmá, á bú sẹ́rìn-ín. “Mummy, ayé ti lajú o! Blender wà nílé.” Màmá á ní ti blender kì í kúnná.

Àwọn àlejò dé, orin bẹ̀rẹ̀ ní pálọ̀, màmá gbé abọ́ haldi rẹ̀ tayọ̀tayọ̀. Aya ọmọ rẹ̀ dá a dúró lẹ́nu ọ̀nà.

“Mummy, ẹ jọ̀ọ́, ẹ wọ yàrá. Ọkọ yín ti kú, ẹ mọ̀ pé opó kì í fọwọ́ kan ìyàwó.”

Ẹ gbà mí o! Ẹnu kan náà tó ní ayé ti lajú! Gbogbo àṣà tó ni òun lára ló ti jù nù, èyí tó ni màmá lára ló wá ń bá a pa mọ́.

Màmá wo ìyàwó. Ìyàwó, ọmọ yunifásítì, ń wo fóònù rẹ̀. “Dadi, ẹ má bínú. Àwọn èèyàn á sọ̀rọ̀.” Dadi ni wọ́n ń pe ìyá bàbá.

Nínú yàrá, màmá ti abọ́ náà sí mi lọ́wọ́.

“Beti, ọmọ mi, ìwọ lọ. Bá mi fi pa á lẹ́rẹ̀kẹ́.”

“Ẹ̀yin ńkọ́, mà?”

“Khalas, ó ti tán. Lọ.”

Mo lọ. Wọ́n yà fún mi, wọ́n pàtẹ́wọ́, wọ́n ń ya mí ní fọ́tò. Mo fi haldi pa ìyàwó lẹ́rẹ̀kẹ́, ó fẹnu kò mí lórí. Kò béèrè ẹni tó rán mi.

Nígbà tí mo padà, màmá ní, “Ṣé ó rẹ́rìn-ín?”

“Ó rẹ́rìn-ín, mà.”

Ló bá bú sẹ́kún.

Mo ti dàgbà, èmi náà ń ṣiṣẹ́ ní Deira báyìí, àmọ́ inú tó bí mi lọ́jọ́ náà ò tíì rọ̀. Ọmọ Nàìjíríà lásán, ẹ̀sìn wa ò papọ̀, ẹ̀jẹ̀ wa ò papọ̀, síbẹ̀ ọwọ́ tèmi mọ́ tó fún wọn. Ọwọ́ tó wẹ ìyàwó láti kékeré ni wọ́n ní ó léèwọ̀.