Ẹ̀gbà Akèrègbè Lọ́rùn Ológbò Lami

Láyé ìgbà tí ọkọ̀ ojú irin ṣẹ̀ṣẹ̀ dé Ìlọrin, bí àlejò bá dé àdúgbò Gàmbàrí tó béèrè ilé Lami, àwọn èèyàn á kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín ná kí wọ́n tó júwe ọ̀nà fún un. Kì í ṣe ẹ̀rín ẹ̀gàn o. Ológbò rẹ̀ ni wọ́n rántí.

Opó ni Lami, òrí ló ń tà lọ́jà Ìpàtà. Bàbá rẹ̀ ló ń tọ́jú ẹṣin àwọn oníṣòwò tó ń ti Kánò bọ̀, kò sì sí irú èépá tó lè yọ lára ẹran tí Lami kò tíì fojú rí kó tó wọlé ọkọ. Ọlọ́run kò fún un lọ́mọ. Nígbà tí ọkọ rẹ̀ kú, ológbò abo kan tó ní àwọ̀ eérú ló kù tó ń bá a sùn, tó ń bá a jí. Mágè ló ń pè é, bí àwọn Hausa ṣe ń pe ológbò. Ó fẹ́ràn rẹ̀ gan-an, kò sì fi bò fún ẹnikẹ́ni.

Lọ́dún kan, nígbà ọyẹ́, irun etí Mágè bẹ̀rẹ̀ sí í re. Àlùfáà Gàní, ẹ̀gbọ́n ọkọ Lami, ni baálé ilé náà, òun ló sì ń kọ́ àwọn ọmọ ní kéwú. Èèyàn dáadáa ni, àfi pé kì í fẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ fún òun pé òun ṣe àṣìṣe. Orí awọ àgbò tó fi ń kírun ni Mágè máa ń sùn, kì í sì í lé e. Àánú ológbò yìí ṣe é. Ó kọ ẹsẹ Kùránì sára wàláà, pátákó ìkọ̀wé kéwú, ó fi omi fọ̀ ọ́ sínú igbá, ó wá da oyin sí i, nítorí bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe máa ń ṣe hàntú, omi àdúrà tí wọ́n ń mu, kó má baà korò lẹ́nu àwọn ọmọ. Ó dà á sí Mágè lára látorí dé ìrù.

Yéè! Ṣé ológbò á rí oyin lára kó má lá a? Mágè lá a tọ̀sán tòru, ahọ́n rẹ̀ sì ń ha bí ewé eèpín. Kó tó di ọjọ́ kẹta, ara rẹ̀ ti bó. Àwọn ọmọ kéwú tó ń gbé e náà bẹ̀rẹ̀ sí í họ ara. Làwọn ará ilé bá ń sọ ọ́ pé àìsàn tó bá rí hàntú tí kò lọ, ojú lásán kọ́. Ojú ti Àlùfáà, ìtìjú náà sì di ìbínú.

Ó ní, “Lami, gbé ológbò yìí kọjá odò Asà, kó máa lọ.”

Lami kúnlẹ̀. “Ràńkádédé, Bàbá. Ẹ fún mi ní Jímọ́ọ̀ méjì péré. Bí kò bá san, èmi fúnra mi ni màá gbé e lọ.”

“Jímọ́ọ̀ méjì. Kò gbọdọ̀ rí ìkẹta nínú ilé yìí.”

Lami gbé Mágè sẹ́sẹ̀, ó wò ó fínnífínní. Ká ní làpálàpá ni, ojú ibẹ̀ ì bá rí roboto. Eléyìí kò rí bẹ́ẹ̀: etí ló ti bẹ̀rẹ̀, èépá rẹ̀ gbẹ, ó rí bí eérú. Lami wá ṣe ohun tí bàbá rẹ̀ máa ń ṣe tó bá fẹ́ mọ ohun tó ń yọ ẹran lẹ́nu. Ó fi ìka méjì ra etí náà wẹ́rẹ́. Ẹsẹ̀ ẹ̀yìn Mágè bẹ̀rẹ̀ sí í họ afẹ́fẹ́ fúnra rẹ̀.

Lami ní, “Kúrúnà ni! Ọwọ́ mi bà ọ́ wàyí.”

Danjuma aládùúgbò gbé epo òyìnbó tí wọ́n fi ń tan àtùpà wá pé kó fi pa á lára. Lami dá a padà kíá: ohun tó bá kan ara ológbò, inú rẹ̀ ló ń lọ. Imí-ọjọ́ ló lọ̀ kúnná, tó pò mọ́ òrí. Kí Mágè má baà lá a, ó gé akèrègbè tó fọ́, ó dá ihò sí i láàárín, ó sì fi okùn so ó mọ́ ọn lọ́rùn. Nígbà tí Mágè jáde sí àgbàlá pẹ̀lú ẹ̀gbà tuntun yìí, tó ń rìn bí ìyàwó tí gèlè wúwo lórí rẹ̀, ilé dàrú fún ẹ̀rín. Lami náà rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀, ó sì ti tó ọjọ́ mẹ́ta tó ti rẹ́rìn-ín gbẹ̀yìn.

Ó se ẹní aṣọ Mágè nínú omi gbígbóná. Ó wẹ àwọn ọmọ, ó fi òrí náà pa wọ́n lára. Ó wá ku awọ àgbò Àlùfáà, níbi tí kúrúnà lè sá pamọ́ sí. Pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ là á pa àmúkùrù ẹpọ̀n.

“Bàbá, hàntú yín kò lẹ́bi o, oyin inú rẹ̀ ló ń wu Mágè lá. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí n sá awọ yín sóòrùn.”

“Awọ tí bàbá mi kírun lé? Má fọwọ́ kàn án!”

Lami fi awọ náà sílẹ̀. Ojoojúmọ́ ló ń kun Mágè, tó ń ka ọjọ́ pẹ̀lú ìfòyà. Jímọ́ọ̀ àkọ́kọ́ kọjá, èépá ń ṣí. Nígbà tí ìkejì ku ọ̀la, irun múlọ́múlọ́ ti ń hù létí Mágè. Inú Lami dùn, ṣùgbọ́n ọkàn rẹ̀ kò tíì balẹ̀, torí ẹnu Àlùfáà nìkan ni ìdájọ́ wà.

Lẹ́yìn ìrun Jímọ́ọ̀, Àlùfáà Gàní dé ẹnu ọ̀nà rẹ̀, ó ká awọ àgbò sí abíyá, ó fi ọwọ́ kejì pamọ́ sínú ẹ̀wù. Kò tilẹ̀ wo Mágè.

Ó rọra sọ̀rọ̀. “Lami, ṣé ó ṣẹ́ kù nínú òrí yẹn?”

Ó na ọwọ́ tó fi pamọ́ síta. Gbogbo àárín ìka rẹ̀ ti sú. Lami fi ìka méjì ra á wẹ́rẹ́. Kíá, ọwọ́ kejì Àlùfáà ju awọ sílẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í họ.

Lami ní, “Ó ṣẹ́ kù, Bàbá. Ṣùgbọ́n ṣé ẹ ó wọ akèrègbè?”

Àlùfáà wò ó. Ẹ̀rín bú lẹ́nu rẹ̀, ó rẹ́rìn-ín débi pé ó di ògiri mú. Lami bu òrí, ó ń kùn ún ní ìka kọ̀ọ̀kan.

Àlùfáà ní, “Sá awọ náà sóòrùn. Bó bá gbẹ tán, kí Mágè máa bọ̀ wá sùn síbẹ̀.”