Lékeléke Kò Lọ, Bàbá Mi Kò Gbin Àgbàdo

Ẹ̀yin ará, ó ti rẹ̀ mí o, ṣùgbọ́n ẹ fara balẹ̀ kí n ròyìn ohun tí ojú mi rí lórí oko bàbá mi lọ́dún yìí. Ó ti pẹ́ díẹ̀ tí mo ti ń gbé e sínú, kò sì jẹ́ kí n sinmi.

Ẹ̀yin tí ẹ mọ̀ mí mọ̀ pé télọ̀ ni mí ní Bẹẹrẹ. Ọ̀rányàn là ń gbé, nínú agboolé wa. Ilé-kéwú ni mo ti kọ́kọ́ mọ̀wé kí wọ́n tó mú mi lọ sí sùkúù, mo sì ń dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́hun fún un títí dòní. Ibẹ̀ ni mo ti kọ́ pé mi ò gbọdọ̀ purọ́, ibẹ̀ náà ni mo ti kọ́ pé bí àgbà bá bi mí ní ìbéèrè, kí n dáhùn ohun tó bi mí, kí n sì dákẹ́. Ẹni tó bá fi ọ̀rọ̀ tirẹ̀ kún un, pàṣán ni!

Gbogbo Sátidé ni èmi àti Bàbá máa ń lọ sí abúlé. Mọ́tò méjì, ọ̀kadà kan. Bàbá ti lé ní ọgọ́rin ọdún, ojú wọn sì ti ń ṣe bàìbàì débi pé ohùn ni wọ́n fi ń dá èèyàn mọ̀. Ṣùgbọ́n ẹ gbé ọkọ́ lé wọn lọ́wọ́ kí ẹ wá wòran! Ebè wọn á tò lọ gbọọrọ bí ẹni pé okùn ni wọ́n fi wọ̀n ọ́n. Àgbàdo, ẹ̀gẹ́ àti iṣu ni wọ́n ń gbìn. Wọ́n á ro apá kan, wọ́n á fi apá kan sílẹ̀ kó sinmi. Kò sí ajílẹ̀ inú àpò, kò sí ẹ̀rọ tó ń fa omi. Òjò Ọlọ́hun nìkan.

Ohun kan wà tí Bàbá kì í ṣe. Wọn kì í gbin àgbàdo àkọ́rọ̀ títí lékeléke á fi lọ.

Ẹ ṣáà mọ lékeléke, ẹyẹ funfun tó máa ń tẹ̀ lé màlúù kiri. Ìgbà ọ̀gbẹlẹ̀ ni wọ́n ń wá sọ́dọ̀ wa, torí pé òkè Ọya á ti gbẹ nígbà yẹn, kò ní sí koríko, kò ní sí tata tí wọ́n á jẹ. Bí òjò bá ti wá fẹsẹ̀ múlẹ̀, tí koríko ti hù lọ́hùn-ún, wọ́n á gbéra, wọ́n á padà lọ yé ẹyin wọn. Bàbá gbà pé òjò tó bá rọ̀ tí lékeléke kò lọ, òjò ẹ̀tàn ni, irúgbìn á jóná mọ́ inú ilẹ̀. Kí wọ́n tó bí mi ni wọ́n ti ń tẹ̀ lé e, kò sì já wọn kulẹ̀ rí.

Lọ́dún yìí, òjò dé. Ó tún rọ̀. Gbogbo ará abúlé gbin àgbàdo. Ó ku àwa.

Bí a bá ti débẹ̀, Bàbá á jókòó sábẹ́ igi ìṣin, wọ́n á bi mí pé lékeléke ńkọ́. Màá ní wọ́n ṣì wà, sà. Wọ́n á ní ó dáa, a ò tíì gbìn.

Ṣé mo purọ́? Rárá o! Wọ́n wà, funfun báláú. Àmọ́ níbo ni wọ́n wà? Lórí ilẹ̀ Múfútáù!

Ọmọ àbúrò bàbá mi ni Múfútáù, ilẹ̀ rẹ̀ ló bá tiwa pààlà. Kò gbin nǹkan kan. Ẹja ló ń sìn nínú kòtò omi, ó ń sin adìẹ, lẹ́yìn tí a sì ti kórè àgbàdo ọdún tó kọjá, ó kó màlúù dé, ó sé wọn mọ́nú ọgbà, ó ń bọ́ wọn kí wọ́n lè sanra de Iléyá. Ìgbẹ́ màlúù rèé, eṣinṣin rèé, ìdin rèé. Lékeléke kún ibẹ̀ bí èrò ṣe ń kún ilé ìkómọ. Òjò ń rọ̀ ni o, ọ̀gbẹlẹ̀ ni o, oúnjẹ wà nílẹ̀. Ní Sátidé kejì lẹ́yìn tí òjò dé ni mo ti mọ̀ lọ́kàn mi pé àwọn ẹyẹ yìí kò lọ síbi kankan mọ́.

Kí ló dé tí mi ò sọ? Èmi náà ń bi ara mi. Bàbá kò bi mí pé ibo ni wọ́n wà. Wọ́n bi mí bóyá wọ́n wà. Mo sì tún rò ó lọ́kàn mi: ta ni èmi tí màá sọ fún ẹni tó bí mi pé ohun tó gbára lé láti kékeré ti bàjẹ́?

Bẹ́ẹ̀ ni ọjọ́ ń lọ, ọ̀rọ̀ náà sì ti kúrò ní eré. Mọ́gàjí wa, olórí ẹbí, ti sọ ọ́ ní ìpàdé ẹbí kí òjò tó dé. Àwọn ajagungbalẹ̀ ti ń yọjú sí abúlé, ilẹ̀ tó bá wà lásán ni wọ́n ń wá. Nítorí náà, apá ilẹ̀ ẹnikẹ́ni tí kò bá sí nǹkan lórí rẹ̀ títí oṣù karùn-ún á fi parí, kí Múfútáù gbà á, kó fi kún tirẹ̀. Bàbá wà níbẹ̀, wọ́n fọwọ́ sí i. Ta ló mọ̀ pé lékeléke á kọ̀ láti lọ?

Múfútáù kì í ṣe èèyàn burúkú, ẹnu rẹ̀ ló mú. Ó rí mi lójú ọ̀nà, ó bú sẹ́rìn-ín. Ó ní, “Ẹ̀gbọ́n, ṣé afẹ́fẹ́ ni ẹ̀yin àti Bàbá fẹ́ gbìn lọ́dún yìí ni? Ẹ má ṣèyọnu o, ẹja mi ti ń bi mí pé ìgbà wo ni àwọn ń kó lọ sílé tuntun!”

Àbúrò mi obìnrin, Sìdíkátù, tó ń ta aṣọ ní Gbági, ní kí n kàn sọ fún Bàbá pé lékeléke ti lọ, ó parí. Ó ní ta ló fẹ́ lọ bi ẹyẹ léèrè? Mo ní mi ò lè purọ́ fún Bàbá. Ó pòṣé. “Ẹ máa ṣe àfáà lọ, Bùọ̀dá. Bí ilẹ̀ bá tán, ẹ ó máa fi òótọ́ kọ ebè.”

Ọ̀rọ̀ yẹn dùn mí. Síbẹ̀, mo dákẹ́.

Sátidé tó gbẹ̀yìn oṣù karùn-ún la débẹ̀. Bàbá bi mí. Mo ní wọ́n ṣì wà. Bàbá ṣí fìlà, wọ́n gbé e lé orúnkún. Wọ́n wá ní láti ọjọ́ tí àwọn ti dáyé, àwọn ò rí irú èyí rí. Wọ́n ní bóyá àwọn ni àwọn ṣẹ Ọlọ́hun, tí ó fi dá ẹyẹ dúró.

Ẹ̀yin ará, inú mi bàjẹ́! Bàbá mi, tí kì í pa ìrun Àsùbáà jẹ, ń wá ẹ̀ṣẹ̀ kiri nínú ara wọn nítorí ìgbẹ́ màlúù Múfútáù!

Mo di ọwọ́ wọn mú, mo ní kí a dé ọ̀dọ̀ Múfútáù. Bí a ṣe súnmọ́ ọgbà, wọ́n gbóòórùn ìgbẹ́, wọ́n gbọ́ ohùn àwọn ẹyẹ. Wọ́n bi Múfútáù pé kí ni àwọn lékeléke ń jẹ níbẹ̀.

“Bàbá, kí ni wọn ò jẹ? Ìdin, eṣinṣin, ẹja kéékèèké. Wọ́n ń jẹun jù mí lọ!”

Ó ń rẹ́rìn-ín. Bàbá kò rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní, “Ebi ló ń lé wọn wá, ebi ló ń lé wọn lọ. O ti bọ́ wọn yó. Ibo lo fẹ́ kí wọ́n lọ?”

Wọ́n wá kọjú sí mi, wọ́n bi mí pé láti ìgbà wo ni mo ti mọ̀. Mo dọ̀bálẹ̀. Mo ní láti Sátidé kejì.

“Ràṣíìdì, ojú rẹ ni mo fi ń ríran. Ojú tó rí tó sì dákẹ́, kí ló fi sàn ju tèmi lọ?”

Bàbá ní kí n dìde, kí a lọ gbìn.

Ọjọ́ mẹ́ta ló kù kí oṣù parí. Mo ti ṣọ́ọ̀bù mi, aṣọ oníbàárà ń dúró. A bẹ èèyàn méjì lọ́wẹ̀, a gbìn títí ọwọ́ wa fi bó. Ìdajì ilẹ̀ àgbàdo la gbìn tán. Ìdajì kejì, tó wà létí odò, tó dára jù, Múfútáù ló gbà á. Mọ́gàjí fẹ́ fi ọjọ́ díẹ̀ kún un nítorí ọjọ́ orí Bàbá, Bàbá kọ̀. Wọ́n ní àwọn ti fọwọ́ sí i. Àgbàdo tí a gbìn pẹ́ náà, kòkòrò jẹ nínú rẹ̀, òjò sì dáwọ́ dúró kó tó gbó. Àlùhámúdúlílàhì, a rí díẹ̀ sè jẹ, ẹ̀gẹ́ tó wà ní apá kejì oko sì wà lórí ìdúró.

Nígbà tí a padà lọ, katakata ti gbẹ́ etí odò. Bàbá ń fi ọ̀pá wá ọ̀nà, ọ̀pá kan òkìtì erùpẹ̀ níbi tí ilẹ̀ wọn ti máa ń bẹ̀rẹ̀. Wọ́n dúró. Wọ́n ní kí n sọ gbogbo ohun tí mo rí níbẹ̀ fún àwọn, kí n má fo ọ̀kankan. Mo sọ nípa kòtò tuntun náà, bó ṣe jìn tó, igi ọsàn wọn tó ti wó, omi tó ti ń sun nísàlẹ̀. Mo sọ ọ́ títí ẹnu mi fi gbẹ. Wọ́n kàn ń mi orí.

Ohun tí mo rí kọ́ ni pé mi ò purọ́, síbẹ̀ mo fi òótọ́ pamọ́. Mo pè é ní ìbọ̀wọ̀ fún àgbà, ṣùgbọ́n ìbẹ̀rù ni. Kí Ọlọ́hun forí jì mí.

Ẹ̀yin ńkọ́? Ṣé ẹ ti dákẹ́ rí níwájú òbí yín, tó wá padà di àbámọ̀? Báwo lẹ ṣe tún un ṣe? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi sọ tiyín. Mo ń kà á.